Coober Pedy: ṣé kéèyàn gbẹ́ kòtò tiẹ̀ ni àbí kó máa ṣa opal nínú òkìtì iyẹ̀pẹ̀ táwọn míì ti gbẹ́ jáde?

Àwọn tó ń ronú àtilọ wá opal, òkúta olówó iyebíye kan, ní Ọsirélíà ò yé bi èèyàn ní ìbéèrè yìí. Ìlú Coober Pedy yìí wà ní nǹkan bíi 850 kìlómítà sí àríwá Adelaide, láti 1915 ni wọ́n ti ń wa opal níbẹ̀, ooru ibẹ̀ sì ń kọjá ìwọ̀n 40 Celsius lásìkò ẹ̀ẹ̀rùn débi pé abẹ́ ilẹ̀ lọ̀pọ̀ èèyàn ń gbé.

Tẹ́ẹ bá fẹ́ gbẹ́ tiyín, ẹ máa gbàwé àṣẹ, ẹ máa sàmì sílẹ̀ yín, ẹ̀yìn ìyẹn lowó wá bẹ̀rẹ̀ sí í jó: ẹ̀rọ, epo dísẹ́ẹ̀lì, ẹ̀tù tí wọ́n fi ń fọ́ àpáta, ẹ sì lè gbẹ́ ẹ lóṣù mẹ́fà kẹ́ẹ má rí kiní kan (mi ò fẹ́ purọ́ fún yín). Àmọ́ tẹ́ẹ bá rí opal, tiyín ni.

Òkìtì ní tiẹ̀ ò gbà ju asẹ́ àti ṣọ́bìrì, wẹ́wẹ́ lèèyàn sábà máa ń rí, kẹ́ẹ ṣáà gbàyè lọ́wọ́ ẹni tó nilẹ̀.

Ní tewu, ihò wà káàkiri níta, ẹ má fẹ̀yìn rìn tẹ́ẹ bá ń ya fọ́tò.

Ẹni tó lówó tó lè sọnù, tó sì láwọn tí wọ́n á jọ ṣe é, kó gbẹ́. Ẹni tó wá lo ọ̀sẹ̀ méjì péré, òkìtì ni.