Toledo, Segovia àti Ávila láti Madrid: ìrìn-àjò ọlọ́jọ́ kan wo ló yẹ kí ẹ rà?

Ẹni tó bá wọ̀ sí Madrid, tó sì fẹ́ fi ọjọ́ kan wo àwọn ìlú àtijọ́ tó wà nítòsí rẹ̀, yóò bá oríṣi ìrìn-àjò mẹ́rin pàdé lórí igbá àwọn tó ń ta irú ọjà yìí: èyí tó lọ sí Toledo nìkan, èyí tó so Segovia pọ̀ mọ́ Ávila, èyí tó so Toledo pọ̀ mọ́ Segovia, àti èyí tó kó ìlú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sínú ọjọ́ kan ṣoṣo. Ọ̀pọ̀ olùrà máa ń sáré yan èyí tí ìlú inú rẹ̀ pọ̀ jù, nítorí lójú wọn, ibẹ̀ ni owó wọn ti ra nǹkan púpọ̀. Èmi kò gbà bẹ́ẹ̀. Ohun tí ẹ ń fi owó rà gan-an ni iye wákàtí tí ẹsẹ̀ yín yóò fi wà nílẹ̀ nínú ìlú pẹ̀lú afinimọ̀nà tó mọ ohun tó ń sọ, orúkọ ìlú tí wọ́n tò sára ìpolówó kò sì lè fi ìyẹn hàn yín.

Ojú ọ̀nà ló ń jẹ àkókò

Toledo wà ní gúúsù Madrid, ó tó nǹkan bí kìlómítà 70 sí i. Segovia, tó tó nǹkan bí kìlómítà 90, àti Ávila, tó tó nǹkan bí 110, wà ní ìhà àríwá àti ìwọ̀-oòrùn, ní òdìkejì òkè Guadarrama. Bọ́ọ̀sì ń lo nǹkan bíi wákàtí kan láti Madrid dé Toledo, wákàtí kan ó lé díẹ̀ dé Segovia, àti wákàtí kan àbọ̀ dé Ávila. Segovia àti Ávila sún mọ́ra, wákàtí kan ni ọkọ̀ sì fi ń ti ọ̀kan bọ́ sí èkejì. Ṣùgbọ́n ẹni tó ń ti Toledo lọ sí Segovia ní láti padà gba ẹ̀gbẹ́ Madrid kọjá, yóò sì fi bíi wákàtí méjì jókòó sínú ọkọ̀. Bí ẹ bá ro gbogbo rẹ̀ pọ̀ fún ìlú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ó lé ní wákàtí márùn-ún tí ẹ ó lò lójú ọ̀nà, nínú ọjọ́ tí gbogbo rẹ̀ kò ju wákàtí méjìlá tàbí mẹ́tàlá lọ. Tí ẹ bá tún yọ oúnjẹ ọ̀sán kúrò, tí ẹ yọ àkókò tí èrò fi ń dúró de ara wọn lẹ́nu ọkọ̀, wákàtí méjì ní ìlú kọ̀ọ̀kan lè má pé.

Toledo nìkan

Nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, Toledo ló nílò afinimọ̀nà jù. Orí àpáta ni ìlú náà wà, odò Tajo yí i ká ní apá mẹ́ta, àwọn ọ̀nà inú rẹ̀ tóóró, wọ́n sì lọ́ mọ́ra débi pé kì í pẹ́ tí àlejò fi ń ṣìnà. Ìtàn ibẹ̀ náà wà ní ìpele-ìpele. Àwọn Mùsùlùmí ṣàkóso rẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọ̀rúndún kí ọba Kìrìsìtẹ́nì, Alfonso Kẹfà, tó gbà á ní ọdún 1085, àwọn Júù sì gbé inú rẹ̀ títí tí àwọn ọba Sípéènì fi pàṣẹ ní ọdún 1492 pé kí Júù tí kò bá fẹ́ di Kìrìsìtẹ́nì fi ilẹ̀ náà sílẹ̀. Mọ́sálásí kékeré kan tí wọ́n kọ́ ní ọdún 999 ṣì dúró níbẹ̀. Wọ́n sọ ọ́ di ṣọ́ọ̀ṣì lẹ́yìn náà, Cristo de la Luz sì ni wọ́n ń pè é báyìí. Sínágọ́gù àtijọ́ méjì ló kù, El Tránsito àti Santa María la Blanca. Ẹni tó bá wọ Santa María la Blanca yóò rí àwọn òpó funfun tí òkè wọn tẹ̀ pàdé bíi bàtà ẹṣin, irú èyí tí a ń rí nínú mọ́sálásí àtijọ́, nínú ilé tí àwọn Júù kọ́ láti máa gbàdúrà, tí orúkọ rẹ̀ sì wá di ti Màríà Wúńdíá nígbà tí wọ́n sọ ọ́ di ṣọ́ọ̀ṣì. Tí kò bá sí ẹni tó lè ṣàlàyé bí ẹ̀sìn mẹ́ta ṣe pàdé lára ilé kan ṣoṣo, ògiri ẹlẹ́wà lásán ni ẹ ó wò lọ.

Kàtídírà Toledo, tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1226 tí wọ́n kò sì parí títí di 1493, gba wákàtí kan gbáko bí ẹ kò bá fẹ́ sáré. Lẹ́yìn pẹpẹ àgbà, oníṣọ̀nà Narciso Tomé dá òkè ilé náà lu ní ọ̀rúndún kejìdínlógún kí ìmọ́lẹ̀ oòrùn lè wọlé, kó sì bọ́ sára àwọn ère tó wà lábẹ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n ohun tí mo fẹ́ràn jù ní ìlú náà wà nínú ṣọ́ọ̀ṣì kékeré Santo Tomé, èyíinì ni àwòrán ìsìnkú Ọlọ́lá Orgaz, tí El Greco yà láàárín ọdún 1586 sí 1588. Ará Crete ni El Greco, Toledo ló sì ti lo ìyókù ayé rẹ̀ títí tó fi kú ní 1614. Nínú àwòrán náà, àwọn ẹni mímọ́ méjì nínú aṣọ oníwúrà gbé òkú ọkùnrin náà lọ́wọ́, àwọn ọlọ́lá ìlú to ara wọn sẹ́yìn nínú aṣọ dúdú, ọ̀run sì ṣí sílẹ̀ lókè orí wọn. Ẹ wo ọmọkùnrin kékeré tó dúró níwájú lápá òsì, tó ń nawọ́ sí òkú. Jorge Manuel ni, ọmọ ayàwòrán náà, baba rẹ̀ sì kọ ọdún tí wọ́n bí i, 1578, sára aṣọ ìnujú tó yọ jáde lápò rẹ̀. Afinimọ̀nà tó dára kì í jẹ́ kí èrò rẹ̀ jáde láìrí i.

Ibí yìí gan-an ni ìyàtọ̀ ti ń wà láàárín ìrìn-àjò olówó pọ́ọ́kú àti èyí tó wọ́n díẹ̀. Ọ̀tọ̀ ni owó ìwọlé kàtídírà, ọ̀tọ̀ ni ti Santo Tomé, ọ̀pọ̀ ètò olówó kékeré kò sì fi wọ́n kún un, ìta ni wọ́n ti máa ń fi ọwọ́ júwe ilé fún èrò. Àwọn mìíràn tún máa ń yà sí ilé ìtajà idà àti ohun ọ̀ṣọ́ irin tí wọ́n tẹ wúrà sí. Iṣẹ́ ọwọ́ gidi ni, Toledo sì ti lókìkí fún un láti ìgbà pípẹ́, àmọ́ tí ẹ kò bá ní ohun tí ẹ fẹ́ rà, àkókò yín ló ń lọ níbẹ̀.

Segovia pẹ̀lú Ávila

Tí ẹ bá fẹ́ rí ju ìlú kan lọ lóòjọ́, èyí ni mo gbà yín níyànjú láti rà, nítorí ọ̀nà kan náà ni wọ́n wà, ohun tó wà nínú wọn kò sì jọra.

Ní Segovia, afárá omi àwọn ará Róòmù ni ẹ ó kọ́kọ́ rí. Ó ti tó nǹkan bí 1900 ọdún tí wọ́n ti kọ́ ọ láti máa gbé omi láti orí òkè wá sí ìlú, níbi tó sì ga jù, ó tó mítà 28. Wọn kò fi ohunkóhun lẹ òkúta rẹ̀ pọ̀. Ìwúwo òkúta àti bí wọ́n ṣe gbẹ́ ẹ ló so wọ́n ró títí di òní. Bí ẹ bá súnmọ́ àwọn òpó náà, ẹ ó rí ihò kéékèèké lára ọ̀pọ̀lọpọ̀ òkúta: ibẹ̀ ni ẹ̀mú irin ti di òkúta mú nígbà tí wọ́n ń fà á gòkè. Ẹnikẹ́ni kì í gba owó lọ́wọ́ yín láti wò ó.

Láti ibẹ̀, ọ̀nà kan gòkè gba iwájú kàtídírà lọ dé Alcázar, ilé olódi àwọn ọba, tó dúró sórí ṣóńṣó àpáta níbi tí odò Eresma àti Clamores ti pàdé. Iná jó o gidigidi ní ọdún 1862, nítorí náà púpọ̀ nínú ohun tí ẹ ó rí nínú yàrá rẹ̀ jẹ́ àtúnṣe. Síbẹ̀ ó tọ́ kí ọmọ Yorùbá dúró níbẹ̀ díẹ̀. Ní ìlú yìí ni wọ́n ti kéde Isabella ní ọbabìnrin Castile, ìjọba àtijọ́ kan ní Sípéènì, ní oṣù Kejìlá ọdún 1474; òun ló rán Columbus jáde ní 1492, ilẹ̀ Cuba tí Sípéènì sì gbà lẹ́yìn náà ni wọ́n kó ọ̀pọ̀lọpọ̀ ènìyàn wa lọ ṣe ẹrú, níbi tí oko ẹrú kò ti dópin pátápátá títí di 1886. Afinimọ̀nà lè má mẹ́nu bà á. Ẹ bi í.

Ávila kò gba àkókò tó bẹ́ẹ̀. Odi ìlú rẹ̀, tó gùn tó nǹkan bíi kìlómítà méjì àbọ̀ tí kò sì ya lulẹ̀ níbì kankan, ni olórí ohun tí ènìyàn ń wá síbẹ̀. Ẹ lè san owó kí ẹ rìn lórí apá kan rẹ̀, ẹ sì lè wò ó láti Los Cuatro Postes lẹ́yìn ìlú, níbi tí gbogbo rẹ̀ ti hàn. Ìlú Tẹ̀rísà Mímọ́ tí wọ́n bí ní 1515 ni, nítorí náà ọmọ ìjọ Kátólíìkì lè fẹ́ràn rẹ̀ ju Segovia lọ. Ó ga ju mítà 1,100 lọ sórí ìtẹ́jú òkun, atẹ́gùn rẹ̀ sì máa ń tutù kódà nígbà tí Madrid bá móoru. Ẹ mú aṣọ òtútù dání.

Toledo pẹ̀lú Segovia, àti mẹ́tẹ̀ẹ̀ta lẹ́ẹ̀kan

Toledo pẹ̀lú Segovia ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń rà, mo sì mọ ìdí rẹ̀: ìlú méjèèjì ni ó lókìkí jù. Bí ó bá jẹ́ ọjọ́ kan péré ni ẹ ní ní Sípéènì, tí ẹ kò sì mọ ìgbà tí ẹ ó tún padà wá, ẹ lè rà á láìkábàámọ̀, bí owó ìwọlé ibì kan ní ìlú kọ̀ọ̀kan bá wà nínú rẹ̀. Ẹ kàn mọ̀ pé Toledo ni yóò pàdánù, nítorí òun ni kò ṣeé fi ìkánjú wò.

Ti ìlú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, n kò gba ẹnikẹ́ni níyànjú láti rà á, àgàgà àwọn àgbàlagbà tí orúnkún ń dùn àti àwọn tó mú ọmọdé lọ́wọ́. Ìlú òkè ni gbogbo wọn, òkúta ni wọ́n tẹ́ sí ojú ọ̀nà wọn, ẹni tó sì sáré gun Toledo láàárọ̀ kì í ní ẹsẹ̀ tó kù fún odi Ávila nírọ̀lẹ́. Ní oṣù Kejìlá, oòrùn ti ń wọ̀ kí agogo mẹ́fà ìrọ̀lẹ́ tó lù, òkùnkùn sì ni ẹ ó bá ní ìlú ìkẹyìn.

Ọ̀nà kan wà tí àwọn ọlọ́jà kì í sọ. Ọkọ̀ ojú irin ayára ń gbé èrò láti ibùdókọ̀ Atocha lọ sí Toledo láàárín nǹkan bí ìdajì wákàtí, ó sì ń gbé wọn láti Chamartín lọ sí Segovia ní nǹkan bí àkókò kan náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ibùdókọ̀ Segovia jìnnà sí ìlú, tí ẹ ní láti tún wọ bọ́ọ̀sì dé ìdí afárá omi. Ẹni tó ní ọjọ́ méjì lè ra ètò Toledo pẹ̀lú afinimọ̀nà ní ọjọ́ kan, kó sì dá lọ sí Segovia ní ọjọ́ kejì, nítorí ọ̀nà tó ti ìdí afárá dé Alcázar kò ṣòro láti tọ̀.

Kí ẹ tó sanwó

Ẹ ka ibi tí wọ́n kọ ohun tó wà nínú owó náà sí, kí ẹ sì wá orúkọ ilé tí ẹ ó wọlé sí, kì í ṣe èyí tí ẹ ó rí. Ẹ bèèrè iye èrò tó wà nínú ẹgbẹ́ kan àti iye èdè tí afinimọ̀nà yóò fi sọ̀rọ̀. Ibi tó bá ti ń sọ ọ́ ní Sípáníìṣì kó tó tún un sọ ní Gẹ̀ẹ́sì, ìdajì àkókò àlàyé náà kì í ṣe tiyín. Ẹ má yan ọjọ́ Mọ́ńdè fún Toledo bí ẹ bá fẹ́ wọ sínágọ́gù El Tránsito, nítorí ibi ìkóhun-ìṣẹ̀ǹbáyé tó wà nínú rẹ̀ kì í ṣí lọ́jọ́ náà. Ní àárọ̀ ọjọ́ Ìsinmi sì rèé, ìjọsìn ni wọ́n ń ṣe nínú kàtídírà, ọ̀sán ni wọ́n máa ń ṣí i fún àlejò.

Oúnjẹ ọ̀sán ti Segovia tí wọ́n ń polówó jù ni ọmọ ẹlẹ́dẹ̀ tí wọ́n yan nínú ààrò. Mùsùlùmí àti ẹnikẹ́ni tí kì í jẹ ẹlẹ́dẹ̀ gbọ́dọ̀ sọ ọ́ nígbà tó ń ra tíkẹ́ẹ̀tì, kó béèrè ọmọ àgùntàn dípò rẹ̀, kó sì ṣọ́ra fún ẹ̀wà ńláńlá ibẹ̀, nítorí wọ́n sábà máa ń fi ẹran ẹlẹ́dẹ̀ sè é. Èmi fúnra mi kì í ra èyí tí oúnjẹ wà nínú rẹ̀, torí ó máa ń gba àkókò tí ènìyàn ì bá fi wo ìlú.

Ẹni tó ń bọ̀ láti Lọ́ńdọ̀nù tàbí láti Nàìjíríà pẹ̀lú ìwé ìrìnnà Nàìjíríà nílò físà Schengen, ìwé àṣẹ láti wọ Sípéènì, tó sì lè má tètè jáde, nítorí náà kó ra èyí tó ṣeé fagi lé títí di ọjọ́ kan ṣáájú ìrìn-àjò, tí wọ́n ó sì dá owó rẹ̀ padà, bó bá tilẹ̀ fi díẹ̀ wọ́n ju èyí tí kò ṣeé dá padà lọ.