Dìsipẹ́ńsà Omi Gbígbóná Tí Kò Gbóná Mọ́: Ṣé Ká Fọ̀ Ọ́ Ni, àbí Ká Pààrọ̀ Irin Rẹ̀?

Bí dìsipẹ́ńsà bá ń tanná, ṣùgbọ́n tí omi rẹ̀ kò ju lílọ́wọ́ọ́wọ́ lọ, onílé ní Súrùlérè tàbí Yábàá lè fọ táńkì inú rẹ̀, tàbí kí ó pààrọ̀ irin tó ń gbé ooru jáde. Fífọ̀ ni mo fara mọ́ ṣáájú, nítorí pé èérún funfun láti inú omi bọ́húùlù a máa bo irin náà títí tí ooru kò fi ní ráyè dé inú omi. Ẹ yọ ọ́ lára iná, ẹ jẹ́ kí ó tutù, kí ẹ wá da fínígà àti omi sí i. Bí ó bá ń hó fùùfùù lára èérún náà, ó ti ń jẹ ẹ́ nìyẹn.

Ṣùgbọ́n bí irin bá ti já, fínígà kò rí nǹkan ṣe sí i. Mítà oníṣẹ́ iná ni yóò fi èyí hàn, kì í ṣe àbá. (Ẹ wo iná ilé náà pẹ̀lú: bí 230 fólítì bá wálẹ̀ sí 160, ooru a dín kù tó bí ìdajì.) Bí ẹ bá ń ra irin tuntun ní Alábà, ẹ mú ti àtijọ́ dání kí wáàtì wọn lè bára mu, kí ẹ sì ra rọ́bà ìdí rẹ̀ mọ́ ọn, torí pé èyí tó ti gbó a máa jo omi sórí wáyà.