Káńtíríìjì Super 8 fún fíìmù ìrántí: àwòrán rẹ̀ dùn, wàhálà rẹ̀ náà ò kéré

Láti 1965 tí Kodak ti gbé Super 8, fíìmù tẹ́ẹ́rẹ́ 8mm tó máa ń wà nínú káńtíríìjì, jáde, àwọn tó ń dá fíìmù ṣe nípa ìrántí ilé àti ẹbí kò tíì fi í sílẹ̀. Àwòrán rẹ̀ rọ̀ lójú, kò mú ganrín-ganrín bíi ti fóònù.

Ẹ má retí kó pẹ́ o. Ẹsẹ̀ bàtà 50 ni káńtíríìjì kan. Bí kámẹ́rà bá ń ya férémù (àwòrán kọ̀ọ̀kan) 18 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, ìṣẹ́jú 3 àti àáyá 20 ló máa bá yín lọ. Ní 24, ìṣẹ́jú 2 ààbọ̀ péré.

Irú fíìmù tí wọ́n ń pè ní 50D ni ti oòrùn. Iná gílóòbù ni wọ́n ṣe 200T fún. Bí ẹ bá gbé 200T síta láìfi fílítà 85 (gíláàsì aláwọ̀ ọsàn tí wọ́n ń fi sójú kámẹ́rà) sí i, gbogbo àwòrán á di aláwọ̀ aró.

Mítà ìmọ́lẹ̀ kámẹ́rà àtijọ́ ló máa ń dá ọ̀ràn jù. Bátìrì mẹ́kúrì 1.35V ni ọ̀pọ̀ wọn ń lò, èyí tí kò sí lọ́jà mọ́. Bí ẹ bá fi 1.5V rọ́pò rẹ̀, mítà á rò pé ìmọ́lẹ̀ pọ̀ ju bó ṣe wà lọ, àwòrán á sì ṣókùnkùn.

Fíìmù tó wà lọ́jà báyìí kì í gba ohùn. Ẹ fi rẹ́kọ́dà gba ọ̀rọ̀ àwọn àgbà lọ́tọ̀, nígbà tí kámẹ́rà ò bá ṣiṣẹ́, torí mọ́tò rẹ̀ ń pariwo bí ẹ̀rọ ìránṣọ.