PayPal, Skrill, Payoneer tàbí USDT: Èwo Ni Kí Owó Géèmù Yín Gbà Wọlé?

Owó géèmù kì í gba ojú ọ̀nà kan wọlé. Ẹ̀bùn ìdíje, owó tí Twitch ń san fún ẹni tó ń fi géèmù rẹ̀ han aráyé, owó skin (ọ̀ṣọ́ ohun ìjà tàbí aṣọ inú géèmù) tí ẹ tà, kọ́ìnì tí géèmù bíi Axie Infinity ń fúnni: kálukú ló ní ibi tó ń gbà wá. Kí ẹ tó béèrè àpamọ́wọ́ orí íntánẹ́ẹ̀tì tó dára jù, ìbéèrè méjì ló ṣáájú. Ibo ni ẹni tó fẹ́ sanwó lè san án sí? Báwo ni owó náà á ṣe kúrò níbẹ̀ dé báǹkì yín? Àpamọ́wọ́ tí kò bá lè dáhùn méjèèjì, ẹ fi sílẹ̀, bó ti wù kí orúkọ rẹ̀ rinlẹ̀ tó.

Ẹ wo ẹni tó ń sanwó ná

Twitch ń san owó sí báǹkì tàbí PayPal tó bá ti pé 50 dọ́là; wire transfer (fífi owó ránṣẹ́ láti báǹkì sí báǹkì òkèèrè) ni tiẹ̀ gbọ́dọ̀ pé 100. Ní ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè, YouTube kì í san owó sí PayPal. Owó rẹ̀ ń gba AdSense, ẹ̀ka Google tó ń san owó ìpolówó, lọ sí báǹkì, ó gbọ́dọ̀ pé 100 dọ́là, àárín ọjọ́ 21 sí 26 oṣù ni wọ́n sì máa ń san án. Nítorí náà, ẹni tó ń ṣe YouTube nìkan tó wá sáré lọ ṣí PayPal lè ṣe iṣẹ́ òfo. Roblox kì í jẹ́ kí ẹ sọ Robux, owó inú géèmù rẹ̀, di owó gidi àfi tí èyí tí ẹ fi iṣẹ́ yín pa bá pé 30,000.

Ti Steam, ìkànnì tí wọ́n ti ń ta géèmù, ló ń da ọ̀pọ̀ èèyàn lójú rú. Ẹni tó bá ta skin CS2 (géèmù Counter-Strike 2) lórí ọjà Steam, wọ́n á gé nǹkan bíi 13% nínú ohun tí ẹni tó rà á san, ìyókù á bọ́ sínú Steam Wallet. Kò ní jáde níbẹ̀ mọ́. Géèmù lẹ lè fi rà, kò lè dé báǹkì. Àpamọ́wọ́ ìnáwó ni, kì í ṣe ti ìgbowó, a ò sì ní kà á mọ́ àwọn tó kù.

| | PayPal | Skrill | Payoneer | Crypto |
|---|---|---|---|---|
| Ta ló bá mu? | Ẹni tí Twitch tàbí olùṣètò ìdíje ń sanwó fún | Ẹni tí ìkànnì tó ń san án ní Skrill | Ẹni tí ilé iṣẹ́ ń sanwó fún | Ẹni tí wọ́n ń fún ní USDT (kọ́ìnì orí íntánẹ́ẹ̀tì tí iye rẹ̀ ń bá dọ́là dọ́gba) tàbí kọ́ìnì géèmù |
| Ibo ni owó ti ń jò? | Nígbà tó bá wọlé, àti nígbà pàṣípààrọ̀ | Nígbà yíyọ, àti nígbà tí ẹ kò lò ó | Nígbà yíyọ, àti owó ọdọọdún | Owó nẹ́tíwọ̀kì |
| Ṣé ẹni tó san án lè gbà á padà? | Bẹ́ẹ̀ ni | Kò wọ́pọ̀ | Kò wọ́pọ̀ | Rárá |

PayPal

Òun ló mọ́ aráyé lára jù, nítorí náà òun ni olùṣètò ìdíje kékeré máa ń kọ́kọ́ dárúkọ. Àmọ́ kì í ṣe gbogbo orílẹ̀-èdè tí PayPal wà lèèyàn ti lè gba owó. Níbòmíràn, fífi owó ránṣẹ́ nìkan ló wà. Ẹ yẹ ti orílẹ̀-èdè yín wò kí ẹ tó forúkọ sílẹ̀, ẹ má sì fi orílẹ̀-èdè ẹlòmíràn purọ́. Èyí tí ẹ bá yàn kò ṣeé yí padà lórí àkáǹtì kan náà, ọjọ́ tí wọ́n bá sì ní kí ẹ mú káàdì ìdánimọ̀ wá ni owó á há.

Bí ẹ bá ti ṣí i tán, ẹ lọ tẹ líǹkì tí wọ́n fi ránṣẹ́ sí ímeèlì yín. Owó tó bá lọ sí ímeèlì tí ẹ kò tíì fìdí ẹ̀ múlẹ̀ á kàn dúró síbẹ̀ ni. Bí ọjọ́ 30 bá pé tí ẹ kò gbà á, ọ̀dọ̀ ẹni tó fi ránṣẹ́ ló ń padà sí. Lójú yín, ẹni yẹn kò sanwó. Lójú tiẹ̀, ó ti san án.

Wọ́n lè de owó olùtajà tuntun mọ́lẹ̀ fún ọjọ́ 21. Ẹni tó ra skin lọ́wọ́ yín náà tún ní ọjọ́ 180 láti fẹjọ́ sùn pé òun kò rí ọjà gbà. Ọjà inú géèmù kò ní nọ́ńbà ìfiránṣẹ́ tí ẹ lè fi hàn bíi ti bàtà tàbí aṣọ, ìdí nìyẹn tó fi ṣòro fún olùtajà láti jàre. Ẹ ya fọ́tò ojú ìwé pàṣípààrọ̀ inú géèmù, pẹ̀lú orúkọ ẹni tó gbà á àti àkókò, kí ẹ tó tì í pa. Ẹni tó bá sì sọ pé kí ẹ jẹ́ kí òun fi ránṣẹ́ bí owó ọ̀rẹ́ àti ẹbí "kí ọkàn yín lè balẹ̀", ẹ má dá a lóhùn. Bí káàdì báǹkì ló fi san án, báǹkì rẹ̀ ṣì lè gba owó náà padà.

Nípa owó tí wọ́n ń gé, ẹ jẹ́ ká fi 100 dọ́là ṣírò. Ká ní wọ́n gé 4% nígbà tó wọlé, ó ku 96. Ká ní wọ́n tún jẹ 3.5% lórí pàṣípààrọ̀ sí owó ilẹ̀ yín, ó ku 92.64. Èyí kejì kì í hàn bí owó gígé. Inú iye tí wọ́n pe dọ́là ló fara pamọ́ sí, ẹ fi wé iye tó jẹ́ lọ́jà lọ́jọ́ náà kí ẹ tó tẹ bọ́tìnì.

Skrill

Ọdún 2001 ni wọ́n dá a sílẹ̀, Moneybookers lorúkọ rẹ̀ nígbà yẹn, ó sì ti pẹ́ nídìí owó géèmù àti tẹ́tẹ́ orí íntánẹ́ẹ̀tì. Ẹ fi irú owó tí wọ́n fẹ́ fi san yín ṣí i, ì báà ṣe dọ́là tàbí yúrò, kí wọ́n má baà máa pààrọ̀ gbogbo ohun tó bá wọlé. Tí ẹ bá pa á tì fún oṣù mélòó kan, á bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ owó inú ara rẹ̀. Bí ìkànnì tó ń san yín kò bá ní Skrill, ẹ má wulẹ̀ ṣí i.

Payoneer

Èyí yàtọ̀ nítorí pé ó ń fún yín ní nọ́ńbà àkáǹtì bíi ti báǹkì, ní dọ́là, ní yúrò àti ní pọ́ùn. Ilé iṣẹ́ géèmù tó gbà yín sí iṣẹ́ yíya àwòrán tàbí dídán géèmù wò lè san owó síbẹ̀ bí ẹni ń san án sí báǹkì ìlú tiẹ̀. Owó iṣẹ́ ni wọ́n ṣe é fún: bí ọ̀rẹ́ yín bá fi 30 dọ́là ránṣẹ́ sí i láti àkáǹtì ara rẹ̀, wọ́n lè dá a padà. Wọ́n á béèrè iṣẹ́ tí ẹ ń ṣe. Ẹ kọ ọ́ bó ṣe rí, kí ẹ sì ní ìwé àdéhùn tàbí ìwé owó lọ́wọ́ tí ẹ máa fi tì í lẹ́yìn. Owó díẹ̀díẹ̀ kò bá a mu, torí owó ọdọọdún lè gbé èrè yín lọ.

Àpamọ́wọ́ crypto

Oríṣi méjì ni. Ti ilé pàṣípààrọ̀ bíi Binance, àwọn ló di kọ́kọ́rọ́ mú: wọ́n á béèrè káàdì ìdánimọ̀, ẹ sì lè rí wọn pè bí ẹ bá gbàgbé ọ̀rọ̀ aṣínà. MetaMask tàbí Trust Wallet, ẹ̀yin lẹ ni kọ́kọ́rọ́, kò sí ẹni tí ẹ máa pè. Fún ẹni tó kàn ń gba USDT ìdíje lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan tó sì fẹ́ sọ ọ́ di owó kíá, ti ilé pàṣípààrọ̀ ti tó. Ẹni tí géèmù rẹ̀ ń fúnni ní NFT (ohun inú géèmù tí àkọsílẹ̀ crypto fi hàn pé tiyín ni) tàbí kọ́ìnì tí ilé pàṣípààrọ̀ kò gbà ló nílò tara ẹni.

Bí ẹ bá ṣí tara ẹni, áàpù náà á fún yín ní ọ̀rọ̀ ìkọ̀kọ̀ 12, òun ni kọ́kọ́rọ́ yín. Inú ìwé ọ̀rọ̀ 2,048 ni wọ́n ti ṣà wọ́n, lẹ́tà mẹ́rin àkọ́kọ́ ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan kò sì bá ti òmíràn mu, nítorí náà ẹ kọ lẹ́tà mẹ́rin yẹn kó hàn ketekete, kí ẹ sì fi nọ́ńbà 1 sí 12 síwájú wọn. Ipò tí ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan wà ṣe pàtàkì bí ọ̀rọ̀ náà fúnra rẹ̀. Bébà ni kí ẹ kọ ọ́ sí. Fọ́tò inú fóònù sábà máa ń gun orí íntánẹ́ẹ̀tì láìjẹ́ pé ẹ rán an. Kí kọ́bọ̀ tó wọ̀ ọ́, ẹ yọ áàpù náà kúrò, kí ẹ fi ọ̀rọ̀ 12 náà gbé e padà. Bí àdírẹ́sì kan náà bá jáde, ẹ kọ ọ́ dáadáa.

Nẹ́tíwọ̀kì, ìyẹn ojú ọ̀nà tí kọ́ìnì ń gbà, ni owó ti ń sọnù jù. Orí nẹ́tíwọ̀kì tó ju ẹyọ kan lọ ni USDT wà. Àdírẹ́sì ti Tron (TRC-20) ń fi lẹ́tà T bẹ̀rẹ̀, ó sì jẹ́ àmì 34. Ti Ethereum (ERC-20) ń fi 0x bẹ̀rẹ̀, àmì 42. Wàhálà ibẹ̀ ni pé ti BNB Smart Chain àti Polygon náà ń fi 0x bẹ̀rẹ̀. Bí ẹni tó sanwó bá lo BNB Smart Chain tó sì jẹ́ pé inú MetaMask yín lówó náà bọ́ sí, ẹ fi nẹ́tíwọ̀kì yẹn kún un, ẹ máa rí i. Tó bá jẹ́ ti ilé pàṣípààrọ̀ tí kò gba nẹ́tíwọ̀kì yẹn, ọwọ́ wọn ló kù sí, wọ́n sì lè má rí i dá padà. Fún kọ́ìnì bíi XRP àti TON, ilé pàṣípààrọ̀ máa ń fi memo tàbí tag kún àdírẹ́sì. Àìfi í síbẹ̀ dà bí ìgbà téèyàn fi lẹ́tà ránṣẹ́ sí ilé alájà mẹ́wàá láìkọ orúkọ ẹni tó ni ín.

Ohun mìíràn rèé: 40 USDT wà nínú àpamọ́wọ́ Tron yín, ẹ fẹ́ fi ránṣẹ́, ó kọ̀. Kò bàjẹ́. Kọ́ìnì TRX ni Tron fi ń gba owó nẹ́tíwọ̀kì, ẹ kò sì ní. ETH ni ti Ethereum. Ẹ ní díẹ̀ nínú rẹ̀ kí owó tó dé.

Axie Infinity ní nẹ́tíwọ̀kì tirẹ̀, Ronin. Ní oṣù kẹta ọdún 2022, àwọn olè já wọ inú afárá tó so ó pọ̀ mọ́ Ethereum, wọ́n kó ohun tó ju 600 mílíọ̀nù dọ́là lọ. Kọ́kọ́rọ́ márùn-ún nínú mẹ́sàn-án ló tó láti ṣí i, wọ́n sì rí márùn-ún náà. Kọ́ìnì géèmù tí ẹ kò lò, ẹ má fi sùn síbẹ̀.

Orúkọ, ọjọ́ orí, owó orí

Orúkọ orí àpamọ́wọ́, orí káàdì ìdánimọ̀ àti orí báǹkì gbọ́dọ̀ jẹ́ ọ̀kan náà, lẹ́tà sí lẹ́tà. Orúkọ inú géèmù kò ní ibẹ̀ ṣe. PayPal, Skrill àti Payoneer kì í gba ẹni tí kò tíì pé ọdún 18. Bí ọmọ bá gba ẹ̀bùn ìdíje, òbí ni kó ṣí i lórúkọ ara rẹ̀, kí wọ́n sì sọ fún olùṣètò ṣáájú, torí orúkọ tó yàtọ̀ sí ti olùdíje á dá owó dúró. Twitch àti YouTube náà á fún yín ní fọ́ọ̀mù owó orí Amẹ́ríkà. W-8BEN ni ti ẹni tí kì í ṣe ará Amẹ́ríkà. Ẹni tí kò kún un lè pàdánù apá kan nínú owó rẹ̀.

Ẹ fi áàpù tó ń pèsè nọ́ńbà ìdánilójú dáàbò bo ímeèlì àti àpamọ́wọ́ yín. SMS kò tó, torí gbájúẹ̀ tó bá gba nọ́ńbà fóònù yín ti gba ìyókù.

Kí owó ńlá tó dé

Ẹ ní kí wọ́n fi dọ́là márùn-ún ránṣẹ́ ná, kí ẹ sì yọ ọ́ dé báǹkì. Wíwọlé nìkan kò tó, ibi yíyọ ni wọ́n ti sábà máa ń béèrè ìwé. Bí crypto bá ni, ẹ fi àdírẹ́sì àti orúkọ nẹ́tíwọ̀kì ránṣẹ́ pọ̀ nínú ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo: "USDT, TRC-20 nìkan". Lẹ́yìn tí ẹ bá lẹ àdírẹ́sì náà mọ́ ọ̀rọ̀ yín tán, ẹ wo àmì mẹ́fà àkọ́kọ́ àti mẹ́fà tó kẹ́yìn. Àwọn kòkòrò inú kọ̀ǹpútà kan wà tó ń fi àdírẹ́sì olè rọ́pò èyí tí ẹ kọ́pì. Ẹ má ṣe lọ mú àdírẹ́sì láti inú ìtàn owó tó ti wọlé sẹ́yìn pẹ̀lú, torí gbájúẹ̀ máa ń fi owó táṣẹ́rẹ́ ránṣẹ́ láti àdírẹ́sì tí ìbẹ̀rẹ̀ àti òpin rẹ̀ jọ èyí tí ẹ mọ̀. Ojú ìwé ìgbowó fúnra rẹ̀ ni kí ẹ ti mú un, nígbà gbogbo.