No. 1 Royal Crescent ní Bath: ẹ má kàn ya fótò níwájú kẹ́ ẹ wá máa lọ

Ẹ̀yin èèyàn mi tẹ́ ẹ wà ní UK, tẹ́ ẹ bá dé ìlú Bath, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fàyè sílẹ̀ dáadáa fún Royal Crescent, ìlà ilé àtijọ́ kan tó wà níbẹ̀. Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo débẹ̀, bọ́ọ̀sì kan ló gbé wa lọ, wọ́n ní ká sọ̀ kalẹ̀ ká ya fótò, kò tó ìṣẹ́jú mẹ́wàá tí dẹ́rẹ́bà ti ń tẹ họ̀ọ̀nù, ó dùn mí gan-an. Lẹ́ẹ̀kejì mo dá lọ ni, mo sanwó wọ No. 1, ìyẹn ilé tó wà ní ìbẹ̀rẹ̀ ìlà yẹn tí wọ́n ti sọ di mùsíọ́mù, ibẹ̀ lojú mi ti là.

Ilé 30 ló so mọ́ra, wọ́n tẹ̀ bí oṣù tó ṣẹ̀ṣẹ̀ lé, òpó 114 ló wà lára wọn, òkúta tó láwọ̀ bí oyin ni wọ́n fi kọ́ gbogbo ẹ̀. 1767 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀, ó gbà wọ́n tó ọdún méje, John Wood Kékeré ni akítẹ́ẹ̀tì ẹ̀. Bàbá ẹ̀ tóun náà ń jẹ́ John Wood ló ya àwòrán Circus, àwọn ilé tó ṣe roboto tí ò jìnnà síbẹ̀.

Nínú No. 1 yẹn, wọ́n to pálọ̀ àti yàrá bó ṣe máa rí láyé ìgbà tí Henry Sandford, olówó ará Ireland kan, ń gbébẹ̀, 1776 sí 1796. Wọ́n rẹwà o, àmọ́ kíṣínì lèmi dúró sí jù. Wọ́n fi táyà onígi kan kọ́ sára ògiri, ajá ni wọ́n máa ń kì sínú ẹ̀ kó máa sáré, bó bá ti ń sáré ni irin tí wọ́n fi gún ẹran á máa yí lórí iná! Lọ́dún 2013 ni wọ́n da apá ibi táwọn ọmọ ọ̀dọ̀ ti ń ṣiṣẹ́ yìí pọ̀ mọ́ ilé padà, ká ní wọn ò ṣe é ni, ayé olówó nìkan lèèyàn ì bá rí.

Tẹ́ ẹ bá jáde, ẹ rìn yípo lọ sẹ́yìn. Ṣẹ́ ẹ rí i, nígbà tí wọ́n ń kọ́ ọ, iwájú ilé lèèyàn máa ń rà, bíi kéèyàn ra aṣọ lọ́pàá, kò gbọdọ̀ yàtọ̀ sí ti aládùúgbò, oníkálukú á wá lọ gba akítẹ́ẹ̀tì tiẹ̀ tó máa kọ́ èyí tó kù sẹ́yìn bó ṣe wù ú. Aṣọ ẹbí gan-an ni, aṣọ kan náà, télọ̀ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀. Tẹ́ ẹ bá dé ẹ̀yìn ilé yẹn, ẹ máa rí i, òrùlé kan ga, èkejì rẹlẹ̀, wíńdò ò bára dọ́gba, ibì kan yọ síta, ibòmíì sún wọlé, mo fẹ́ràn ẹ̀ ju iwájú lọ.

Iwájú yẹn náà ti rí nǹkan ṣá. Bọ́ǹbù Jámánì jó ilé méjì níbẹ̀ ní 1942, wọ́n tún un kọ́ débi pé ojú lásán ò lè dá a mọ̀. Láàárín 1970 sí 1980, ìyá kan ní No. 22 kun ilẹ̀kùn ẹ̀ ní yẹ́lò, kánsù ní funfun ló gbọ́dọ̀ jẹ́, wọ́n fà á títí, ìyá ló borí.

Màmá mi ń bọ̀ lọ́dún tó ń bọ̀, ibẹ̀ ni mò ń mú wọn lọ, ẹ̀yìn la sì máa kọ́kọ́ gbà.