Arsenal 2003/04 àbí Leicester 2015/16: sáà wo ló lágbára jù?

Arsenal gbá ìdíje 38 láì pàdánù ẹyọ kan: wọ́n borí 26, wọ́n gbá ọ̀mì 12. Henry nìkan gbá góòlù 30 wọlé, Kanu tiwa náà sì wà nínú ikọ̀. Leicester gan-an ló fẹ́ bà á jẹ́ lọ́jọ́ tó kẹ́yìn ní Highbury, pápá Arsenal nígbà náà. Àwọn ló kọ́kọ́ gbá bọ́ọ̀lù sáwọ̀n kí Henry àti Vieira tó yí i padà sí 2-1.

Àmọ́ ìràwọ̀ ló kún ọwọ́ Wenger, akọ́nimọ̀ọ́gbá Arsenal. Leicester ńkọ́? Ọdún tó ṣáájú, díẹ̀ ló kù kí wọ́n já kúrò ní Premier League. Àwọn onítẹ́tẹ́ fún wọn ní 5,000 sí 1 pé wọ́n á gba ife! Vardy wá ń gbá góòlù wọlé nínú ìdíje 11 léraléra, Mahrez ń dárà, Kanté ń já bọ́ọ̀lù gbà káàkiri pápá. Àmì 81 ni wọ́n fi gba ife. Ìdíje mẹ́ta péré ni wọ́n pàdánù, Arsenal ló sì nà wọ́n nínú méjì (ẹ máa rẹ́rìn-ín).

Leicester ni màá mú. Ẹgbẹ́ olówó ṣì lè sún mọ́ ti Arsenal. Man City kó àmì 100 ní 2017/18, ẹ̀ẹ̀mejì péré ni wọ́n pàdánù.