Òrùka tourmaline mi àti àwọn tó tà á fún mi

Pẹ̀lú ìbínú ni mo fi wọ ṣọ́ọ̀bù náà ní òwúrọ̀ ọjọ́ Ajé kan nínú ọyẹ́ tó kọjá, nítorí ó ti dá mi lójú pé ayédèrú ni wọ́n gbé lé mi lọ́wọ́. Òrùka fàdákà ni, òkúta iyebíye kan tó gùn díẹ̀, tí wọ́n ń pè ní tourmaline, ló wà lórí rẹ̀, ìdajì rẹ̀ pọ́n bí inú bàrà olómi, ìdajì kejì sì ní àwọ̀ ewé bí èèpo rẹ̀. Gbogbo ẹni tó ń gbé Ìbàdàn tó sì mọ ọjà òkúta tó wà ní Òjòó ló mọ irú òkúta bẹ́ẹ̀, nítorí náà n kò ní fi ìyẹn fa ọ̀rọ̀ gùn. Owó tí àwọn ọmọ mi dá jọ fún mi nígbà tí mo pé ọgọ́ta ọdún ni mo fi rà á.

Ohun tó ń bí mi nínú nìyí. Bí mo bá fẹ́ ṣiṣẹ́ ilé, ojú fèrèsé ni mo máa ń bọ́ òrùka náà sí, níbi tí oòrùn ọ̀sán ti máa ń wọlé sí yàrá mi ní Mọ́kọ́lá. Tí mo bá padà wá mú un, eruku á ti bo orí òkúta náà, fọ́nrán òwú tó já lára aṣọ tí mò ń rán á sì ti lẹ̀ mọ́ ọn, síbẹ̀ ara fàdákà tó yí i ká á mọ́ tónítóní. Mo nù ún, ó tún ṣe bẹ́ẹ̀ lọ́jọ́ kejì. Aládùúgbò mi ní wọ́n ti ṣe nǹkan sí i, kí n gbé e tọ àlùfáà lọ. Mo ní ẹni tó tà á ni yóò kọ́kọ́ rí mi.

Ọmọbìnrin tó ń tajà gbọ́ ẹjọ́ mi tán, ó wá ní, “Mọ́mì, bóyá ilé yín ló ní eruku.” Ilé ta ni kò ní eruku nínú ọyẹ́ ní Ìbàdàn? Ọ̀gá wọn wà lórí fóònù, ó na ìka kan sókè sí mi pé kí n ní sùúrù, sùúrù náà sì tó ogún ìṣẹ́jú kó tó nawọ́ sí ìwé kan tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ògiri pé ọjà tí wọ́n bá ti tà, wọn kì í gbà á padà. Kò tilẹ̀ wo òrùka náà.

Ọmọ iṣẹ́ kan ló jáde wá láti ẹ̀yìn, níbi tí wọ́n ti ń lọ òkúta, ìyẹ̀fun funfun dé ìgbọ̀nwọ́ rẹ̀. Ó dọ̀bálẹ̀ díẹ̀, ó ní, “Ẹ má bínú, mà. Ẹ fún mi ní ìṣẹ́jú márùn-ún péré.” Ó sọdá títì lọ sọ́dọ̀ ìyá tó ń sun bọ̀ọ̀lì, ó sì bu eérú tútù bọ̀ sínú ìwé ìròyìn. Ó gbé òrùka náà sún mọ́ gílóòbù iná tí wọ́n fi ń yẹ òkúta wò títí ó fi gbóná díẹ̀, ó wá gbé e sórí eérú náà láìjẹ́ kó kàn án. Eérú náà dìde! Ó nàró bí irun apá ẹni tí òtútù mú, ó sì fò mọ́ orí òkúta náà méjèèjì, níbi tó pọ́n àti níbi tó ní àwọ̀ ewé, àmọ́ àárín rẹ̀ kò gba nǹkan kan. Ó mú gíláàsì pupa kan, ó ṣe é bákan náà, eérú kò mira. “Ojúlówó ló ń ṣe bẹ́ẹ̀, mà,” ni ó wí.

Ó ṣàlàyé pé bí òkúta yìí bá gbóná, iná mànàmáná a máa dìde ní orí rẹ̀ méjèèjì, ọ̀kan a jẹ́ pọ́sítíìfù, èkejì a jẹ́ nẹ́gátíìfù, bó bá sì ń tutù, wọn a pààrọ̀ ara wọn. Iná yìí ló ń fa eérú àti eruku mọ́ ọn, oòrùn ojú fèrèsé mi ló sì ń mú un gbóná. Nígbà tí mo délé, mo wá a kà. Àwọn oníṣòwò ará Netherlands tó kó o wá láti Sri Lanka ní nǹkan bí ọdún 1703 sọ ọ́ ní orúkọ tó túmọ̀ sí afeérú, wọ́n sì ń fi í fa eérú jáde nínú ìkòkò tábà wọn. Ní ọdún 1880, Pierre Curie, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ọmọ ilẹ̀ Faransé, àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ Jacques tún rí i pé bí a bá tẹ irú òkúta bẹ́ẹ̀ mọ́lẹ̀, iná náà a máa jáde. Ẹ wo ohun tí mò ń fi aṣọ nù dànù!

Mo ti ń rẹ́rìn-ín nígbà tí ọ̀gá náà sọ fóònù kalẹ̀, tó ní, “Ṣé ẹ rí i pé ojúlówó la ń tà?” Ó wá ní kí n san ₦2,000 fún àyẹ̀wò. Àyẹ̀wò tí ọmọ iṣẹ́ fi eérú oníbọ̀ọ̀lì ṣe! N kò san kọ́bọ̀. Ibi tí a ti ń fà á ni mo ti rí i pé ọ̀kan nínú èékánná fàdákà mẹ́rin tó di òkúta náà mú ti ṣí sókè. Wọ́n ní kí n padà wá ní Ọjọ́bọ̀. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo lọ. Ní ẹ̀ẹ̀kejì, ọ̀gá ti fẹ́ gbé e fún alágbẹ̀dẹ fàdákà kan kó fi iná jó o pẹ̀lú òkúta nínú rẹ̀, ọmọ iṣẹ́ yẹn ló kígbe pé òkúta náà lè là bí ooru bá dé bá a lójijì. Òun náà ló fi ẹ̀mú kékeré tẹ èékánná náà padà níṣojú mi ní ẹ̀ẹ̀kẹta, ó sì kọ́ mi pé omi lílọ́wọ́ọ́wọ́, ọṣẹ díẹ̀ àti búrọ́ọ̀ṣì rírọ̀ ni kí n máa fi fọ̀ ọ́.

Òkúta náà fúnra rẹ̀ kò ní àbùkù kan. Bí mo bá yí i sí apá kan, àwọ̀ rẹ̀ a ki sí i. Bí mo bá yí i padà, a tún fúyẹ́. Láti ìgbà tí òjò ti bẹ̀rẹ̀, kò fi bẹ́ẹ̀ fa eruku mọ́, nítorí ọ̀rinrin inú afẹ́fẹ́ a máa gbé iná náà lọ. Ọmọ-ọmọ mi tó máa ń bu eérú tì í ti ń fẹ̀sùn kàn mí pé mo ti bà á jẹ́.

Ìràwọ̀ 2 nínú 5 ni mo fún wọn. Mo ti san àsansílẹ̀ fún yẹtí tí yóò bá a mu, pẹ̀lú àdéhùn pé ọmọ iṣẹ́ yẹn nìkan ni yóò fọwọ́ kàn án.